Bí séèfù géèmù ọmọ ẹ̀gbọ́n mi ṣe fẹ́ẹ̀ bá kọ̀ǹpútà àtijọ́ lọ

Alẹ́ Sátidé kan ni, mo ń ṣa ẹ̀wà lọ́wọ́ n'Íbàdàn níbí nígbà tí fóònù mi dún, ọmọ ẹ̀gbọ́n mi ló ń pè, èyí tó ń kàwé n'Ífẹ̀. Ọmọ yìí máa ń kí èèyàn dáadáa, á kí ẹ títí tó fi máa kan ẹni tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ, àmọ́ lọ́jọ́ yẹn kò rántí kí mi rárá. "Àǹtí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bínú, gbogbo géèmù mi ti lọ." Mo ní báwo ló ṣe lọ? Ó ní òun ti kó gbogbo ẹ̀ sórí kọ̀ǹpútà tuntun, òun tẹ̀ ẹ́, ó sì ṣí, àmọ́ ńṣe ló dà bí ẹni pé òun ò gbá a rí láyé òun, Football Manager ń bi òun pé kí lorúkọ òun, Minecraft ní kí òun dá ayé tuntun. Ohùn ẹ̀ ń gbọ̀n. Ó wá sọ èyí tó jẹ́ kí n gbé àwo ẹ̀wà sílẹ̀: "Àǹtí, agboolé Màmá Ògbómọ̀ṣọ́ wà nínú ẹ̀ o."

Màmá Ògbómọ̀ṣọ́ yẹn, ìyá tó bí mi lọ́mọ ni. Ilé alámọ̀ tí wọ́n bí gbogbo wa sí kò sí mọ́, ẹbí ti wó o, ilé búlọ́ọ̀kù ló wà níbẹ̀ báyìí. Nígbà kónílé-ó-gbélé ọdún 2020, ọmọ yìí àti ẹ̀gbọ́n ẹ̀ obìnrin jókòó ti kọ̀ǹpútà méjì nínú pálọ̀ ẹ̀gbọ́n mi, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ ilé náà sínú Minecraft, géèmù tí wọ́n ti ń fi búlọ́ọ̀kù kọ́ nǹkan, yàrá kan lẹ́yìn òmíì, wọ́n á máa pe Màmá lórí fóònù pé fèrèsé yàrá Bàbá, ṣé ọ̀tún ló wà ni àbí òsì, ìkòkò mélòó ló wà lẹ́yìn ilé ìdáná. Màmá ń dáhùn, inú wọn ń dùn, wọn ò mọ ohun tí àwọn ọmọ ń kọ́ gan-an àmọ́ wọ́n ń dáhùn. Màmá kú ní 2021. Ní 2022 tí búlọ́ọ̀kù amọ̀ dé sínú géèmù náà, àwọn ọmọ wó gbogbo ògiri tí wọ́n ti mọ, wọ́n fi amọ̀ tún un mọ. Igi akéṣíà tó pọ́n bí ọsàn ni wọ́n fi ṣe òrùlé, torí ó jọ páànù tó ti dípata. Èmi náà ti wọ inú ẹ̀ lẹ́ẹ̀kan rí, mo rìn láti ẹnu ọ̀nà títí dé ìdí kànga, ẹsẹ̀ mi mọ ọ̀nà náà. Láti 2023 ni ẹ̀gbọ́n ẹ̀ ti wà ní Leeds, nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, látìgbà náà ni agboolé náà ti dúró bó ṣe wà, lórí kọ̀ǹpútà àbúrò ẹ̀ nìkan ṣoṣo.

Ìbéèrè àkọ́kọ́ tí mo bi í ni pé níbo ni kọ̀ǹpútà àtijọ́ wà. Ó dákẹ́. Ó ní òun ti fi ṣe swap láàárọ̀.

Ẹ jẹ́ kí n sọ bó ṣe débẹ̀ torí kò ṣe ohun tí ẹlòmíì ò lè ṣe. Kọ̀ǹpútà àtijọ́ náà, Core i5 ti jẹnẹréṣọ̀n karùn-ún ni, Windows 10 ló wà lórí ẹ̀, Microsoft sì ti dá àtìlẹ́yìn Windows 10 dúró ní 14 October 2025. Windows 11 ò sì gba irú ẹ̀, ó ń fẹ́ TPM 2.0, ohun ààbò kan tó ń wà nínú kọ̀ǹpútà, àti jẹnẹréṣọ̀n kẹjọ lọ sókè tó bá jẹ́ Intel. Ìdè ojú ẹ̀ ti já, tó bá ṣí i ó ní láti fi ìwé gbé e ró, ojú ẹ̀ á máa ṣẹ́jú. Ló bá tọ́jú owó, ó lọ bá ọ̀gá kan tó ń ta tòkunbọ̀, ọ̀gá yẹn ní kó mú ti àtijọ́ wá, òun á yọ díẹ̀ kúrò nínú owó ẹ̀. Ó kó géèmù ẹ̀ sórí fìláàṣì lálẹ́ ọjọ́ Fúráìdè, ó gbé kọ̀ǹpútà náà lọ láàárọ̀ Sátidé, ìgbà tó dé yàrá ẹ̀ tó gbé géèmù sórí tuntun ló tó mọ̀ pé nǹkan ò pé.

Mo ní kó ka gbogbo ohun tó kó fún mi lọ́kọ̀ọ̀kan. Fódà Football Manager 2024 àti ti Stardew Valley, inú C:\Program Files (x86)\Steam\steamapps\common ló ti kó wọn, ibi tí Steam, ilé ìtajà géèmù orí íntánẹ́ẹ̀tì, máa ń gbé géèmù sí. Fódà GTA San Andreas, orí D ló ti kó o. Minecraft, ó ní òun kó "Minecraft", mo ní èwo nínú ẹ̀, ó ní èyí tó wà lórí desktop. Ìyẹn kì í ṣe géèmù náà rárá, àmì tí a máa ń tẹ̀ láti ṣí i lásán ni, kò tó KB mélòó kan.

Fìláàṣì yẹn gan-an ti kọ́kọ́ yọ ọ́ lẹ́nu. 32GB ni, ó ṣófo, ó wá fún gbogbo géèmù náà pọ̀ sínú fáìlì zip kan tó tó 11GB, fìláàṣì kọ̀ jálẹ̀ pé fáìlì náà ti tóbi jù. Ó rò pé ayédèrú ni wọ́n tà fún òun. Kì í ṣe ayédèrú, FAT32, ìlànà kan tí wọ́n fi ń to fáìlì, ni wọ́n fi ṣe ọ̀pọ̀ fìláàṣì 32GB tí à ń rà lọ́jà, FAT32 kì í gbà kí fáìlì kan ṣoṣo tó 4GB, bó tiẹ̀ ṣe pé 30GB ló ṣófo. Tó bá jẹ́ exFAT ni, ì bá gbà á. Ó tú zip náà ká, ó kó o ní fódà fódà, wọ́n mú iná lọ lẹ́ẹ̀mejì, bátìrì àtijọ́ yẹn ò sì ju ìṣẹ́jú ogún lọ, nígbà tó fi máa parí aago mẹ́ta òru ti lù. Ẹni tó ti ṣiṣẹ́ tó báyẹn kò lè rò pé ohun tó ṣe pàtàkì jù lọ ni òun fi sílẹ̀.

Bó ṣe rí nìyí. Géèmù àti ibi tó o bá géèmù dé, ilé ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni wọ́n ń gbé. Ẹ wo ọpọ́n ayò. Géèmù ni ọpọ́n, séèfù ni iye ọmọ ayò tó wà nínú ihò kọ̀ọ̀kan nígbà tí ẹ dìde kúrò níbẹ̀. Ọpọ́n, ẹnikẹ́ni lè yá ẹ, àmọ́ kò sẹ́ni tó lè yá ẹ ní bí ayò tìẹ ṣe dúró. Steam á tún gbé Football Manager fún ẹ ní ọgọ́rùn-ún ìgbà, orúkọ ẹ wà lọ́dọ̀ wọn pé o ti sanwó. Ọmọ yìí gbé gbogbo ọpọ́n lọ, ó fi ọmọ ayò sílẹ̀ nínú kọ̀ǹpútà tó ti di tẹlòmíì.

Ohun tó tún dá kún un ni pé ó ti lọ́ọ̀gì ìn sí Minecraft lórí tuntun pẹ̀lú àkáǹtì Microsoft ẹ̀ àtijọ́, ó ń retí kí agboolé náà jáde. Àìmọye èèyàn ló rò pé bó ṣe rí nìyẹn. Minecraft Java, irú èyí tí ọmọ yìí ń gbá lórí kọ̀ǹpútà, àkáǹtì náà kàn ń sọ pé o ti ra géèmù ni, ayé tó o kọ́ kò sí lọ́dọ̀ wọn, àyàfi tó o bá ń san owó Realms lóṣooṣù, ibi tí wọ́n ti ń gbé ayé ẹni sórí íntánẹ́ẹ̀tì. Orí hard disk tìẹ ló wà, ibẹ̀ nìkan.

Mo ní kó fún mi ní nọ́ńbà ọ̀gá yẹn. Mo pè é ní aago mẹ́sàn-án kọjá, kò gbé e. Mo kọ ọ́ ránṣẹ́ sí i, mo kí i, mo tọrọ àforíjì pé ilẹ̀ ti ṣú, mo ní ẹ jọ̀ọ́ sà, kọ̀ǹpútà tí ọmọ kan mú wá fún swap láàárọ̀ yìí, ẹ dákun ẹ má tíì fọ́máàtì ẹ̀, nǹkan ìyá wa tó ti kú wà níbẹ̀. Òru yẹn gùn. Aago méje àárọ̀ Sọ́ńdè ló pè mí padà, ó ní "Màámi, ẹ fọkàn balẹ̀, mo ti yọ RAM ẹ̀ fún kọ̀ǹpútà míì, àmọ́ hard disk ẹ̀ ṣì wà bó ṣe wà, Mọ́ńdè ni mo fẹ́ fi Windows tuntun sí i." Ọlọ́run ló mú Sọ́ńdè wà láàárín. A dúnàádúrà, ó ní òun á ta hard disk náà fún wa ní ₦12,000, pé òun náà ti ṣírò ẹ̀ mọ́ owó tí òun yọ. Mi ò bá a jiyàn. Ọmọ náà san án ní Mọ́ńdè, ó fi aṣọ wé e, ó wọkọ̀ wá bá mi n'Íbàdàn pẹ̀lú kọ̀ǹpútà tuntun lápá.

Mo ti ra kéèsì kékeré kan sílẹ̀, irú èyí tí èèyàn á ti hard disk laptop bọ̀ tá á fi di bí fìláàṣì, wáyà USB ló ní lẹ́nu. A fi hard disk sí i, a fi wáyà ẹ̀ so ó mọ́ kọ̀ǹpútà tuntun, ó dún tìrín, ó gbé E jáde, lẹ́tà tí Windows fi pe hard disk náà. Windows 10 Home lásán ló wà lórí ẹ̀, wọn ò tì í pa, ìyẹn ló gbà wá. Mo sọ èyí torí pé lórí kọ̀ǹpútà tó bá ti ní Device Encryption tàbí BitLocker lórí, ohun tí Windows fi ń ti hard disk pa, tó o bá yọ hard disk ẹ̀ lọ ti bọ ibòmíì, ńṣe lá á máa béèrè kọ́kọ́rọ́ onínọ́ńbà 48 lọ́wọ́ ẹ, tó ò bá rí i mú wá, o ò ní rí fáìlì kan nínú ẹ̀. Kọ̀ǹpútà tuntun ọmọ yìí ní i lórí. A kọ nọ́ńbà náà jáde látinú àkáǹtì Microsoft ẹ̀ lọ́jọ́ yẹn kan náà, ó wà nínú ìwé kan lọ́dọ̀ ẹ̀gbọ́n mi.

A ṣí E, a tẹ Users, a tẹ fódà tó ń jẹ́ orúkọ ẹ̀, Windows ní a ò láṣẹ láti wọbẹ̀. Ojú ọmọ náà tún yí padà. Kò sí nǹkan kan níbẹ̀, torí kọ̀ǹpútà míì ló ń bi í ni, èèyàn á tẹ Continue, á ní sùúrù, tiwa lò tó ìṣẹ́jú mẹ́rin kó tó jẹ́ ká wọlé.

Ibì kan wà tí mo fẹ́ kí ẹ fara balẹ̀ kà. Ọmọ yìí ti ka kiri lóru, gbogbo ohun tó kà ló sọ pé kó tẹ Windows pẹ̀lú R, kó kọ %appdata%, pé ibẹ̀ ni séèfù Minecraft wà. Ó ṣe bẹ́ẹ̀ níwájú mi, fódà .minecraft jáde, ó wọ saves, kò sí nǹkan níbẹ̀. Ó wò mí. Mo ní ibo lo rò pé o wà yìí? %appdata% yẹn, ilé kọ̀ǹpútà tó o jókòó sí ló máa ń mú ẹ lọ nígbà gbogbo, kò mọ̀ pé hard disk kan wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ. Tó bá jẹ́ hard disk àtijọ́ lo ń wá nǹkan inú ẹ̀, ẹsẹ̀ lo máa fi rìn ín, láti E sí Users, sí orúkọ ẹ, sí AppData, sí Roaming. AppData náà sì tún wà ní ìpamọ́, o ò ní rí i àyàfi tó o bá lọ sí View kó o máàkì Hidden items. A máàkì ẹ̀. AppData yọ jáde, ó ṣì rí bàìbàì. A wọ Roaming, a wọ .minecraft, a wọ saves.

Fódà méjì ló wà níbẹ̀. Ọ̀kan ń jẹ́ New World, èkejì ń jẹ́ agboole. 340MB. Ọmọ náà fi ọwọ́ bo ẹnu.

Mi ò jẹ́ kó ṣí i. Mo ní ká kọ́kọ́ ṣe kọ́pì ẹ̀ méjì, ọ̀kan sórí fìláàṣì, ọ̀kan sórí Google Drive, ká tó fọwọ́ kan ẹ̀kẹta. Fódà náà lódindi la kó, torí ayé Minecraft kì í ṣe fáìlì kan, level.dat wà nínú ẹ̀ tó mọ ibi tó o dúró sí àti ohun tó wà lọ́wọ́ ẹ, fódà region wà tó jẹ́ ilẹ̀ àti ilé fúnra wọn, playerdata wà fún àwọn tẹ́ ẹ jọ gbá a. Tó o bá mú level.dat nìkan, orúkọ ìlú lo mú, o fi ìlú sílẹ̀. Lẹ́yìn náà la wá gbé kọ́pì kan sínú saves ti kọ̀ǹpútà tuntun.

Ó tún ku ọ̀kan. Ayé náà, orí ẹ̀yà Minecraft 1.20.1 ni wọ́n ti gbá a kẹ́yìn, launcher tuntun, ohun tí èèyàn fi ń ṣí géèmù náà, sì máa ń fẹ́ fi èyí tó dé láìpẹ́ ṣí i. Tó bá fi tuntun ṣí i, á yí ayé náà sí tuntun, kò sì sí ọ̀nà tó dáa láti dá a padà. Géèmù náà máa ń kìlọ̀, á ní ṣé kí òun ṣe kọ́pì sílẹ̀, àmọ́ ẹni tí ara ń já máa ń tẹ èyí tó bá ṣáà ti rí ni. A lọ sí Installations, a dá ọ̀kan sílẹ̀ fún 1.20.1, a fi ìyẹn ṣí i.

Mo máa padà sórí ohun tá a rí níbẹ̀. Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ parí àwọn tó kù.

San Andreas ò tó nǹkan. Inú Documents ló wà, fódà kan tó ń jẹ́ GTA San Andreas User Files, séèfù ibẹ̀ ń jẹ́ GTASAsf1.b títí dé GTASAsf8.b, ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn ò tó 250KB. Ó kó fódà tó tó gígábáìtì mélòó kan sórí fìláàṣì lóru ọjọ́ yẹn, ó fi èyí tó lè lọ sínú ímeèlì sílẹ̀. A gbé e sínú Documents tuntun, ó parí.

Football Manager, géèmù tí èèyàn ti ń ṣe kóòṣì ẹgbẹ́ bọ́ọ̀lù, ló fẹ́ pa wá. Séèfù FM24, inú Documents\Sports Interactive\Football Manager 2024\games ló yẹ kó wà, fáìlì tó ń parí pẹ̀lú .fm. A wọ Documents lórí hard disk àtijọ́, San Andreas wà níbẹ̀, àmọ́ kò sí Sports Interactive. Ọmọ yìí ti ń tọ́ ẹgbẹ́ Bradford City láti League Two, ìpele kẹrin bọ́ọ̀lù ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, FM23 ló ti bẹ̀rẹ̀, ó gbé séèfù náà wọ FM24 nígbà tó jáde ní November 2023, torí FM24 ló kọ́kọ́ gbà kí èèyàn gbé ti ọdún tó kọjá wọ tuntun, wọ́n sì fagi lé FM25 ní February 2025, ló bá ń bá a lọ níbẹ̀, sáà mọ́kànlá, ó ti wà ní Premier League. Ó máa ń sọ orúkọ àwọn ọmọ agbábọ́ọ̀lù tí géèmù fúnra ẹ̀ bí fún un bí ẹni ń sọ orúkọ àwọn ọmọ àdúgbò. Mo ní ká má wá a ní fódà fódà mọ́, ká kọ *.fm síbi tí wọ́n ti ń wá nǹkan ká jẹ́ kó wo gbogbo E. Ó pẹ́, irú hard disk tó ń yí ni, a jẹ ẹ̀wà yẹn tán kó tó rí i.

Inú fódà OneDrive ló wà. OneDrive\Documents\Sports Interactive. Nígbà kan, Windows ti bi í pé ṣé kí òun máa tọ́jú Documents rẹ̀ fún un, ó tẹ yes láì kà á, láti ọjọ́ yẹn ni Documents ti ṣí kúrò níbi tó wà lọ sínú OneDrive, San Andreas tó fọwọ́ ara ẹ̀ kó sínú fódà àtijọ́ ló ṣẹ́ kù síbẹ̀, àwọn yòókù wà nílé tuntun. Orúkọ kan náà ni méjèèjì ń jẹ́, ìyẹn ló máa ń tan èèyàn jẹ. Ó wá sọ pé tó bá rí bẹ́ẹ̀, á wà lórí íntánẹ́ẹ̀tì nìyẹn. A wò ó, kò sí. 5GB ni OneDrive ọ̀fẹ́, fọ́tò ti kún un láti ọdún tó kọjá, kò gbé nǹkan kan lọ sókè mọ́ látìgbà yẹn. Orí hard disk yìí nìkan ni séèfù Bradford wà. Fáìlì mẹ́ta, èyí tó gbẹ̀yìn nínú wọn ní déètì Tọ́sìdeè, ó lé ní 100MB.

Ẹ̀yin tí Documents yín wà nínú OneDrive, ẹ wo àmì ẹ̀gbẹ́ fáìlì yín kí ẹ tó yọ hard disk kankan. Tó bá jẹ́ àmì ìkùukùu ló wà lára ẹ̀, orúkọ fáìlì nìkan ló wà lọ́dọ̀ yín, ara ẹ̀ wà lórí íntánẹ́ẹ̀tì, kò ní ṣeé kó látorí hard disk tí wọ́n so mọ́ kọ̀ǹpútà míì. Àwọn fọ́tò ọmọ yìí kan rí bẹ́ẹ̀, wọ́n ń kọ̀, a ní láti lọ dáńlóòdù wọn níbi tí wọ́n wà.

Stardew Valley ti ẹ̀ jáde fúnra ẹ̀ lórí kọ̀ǹpútà tuntun, torí Steam Cloud, ibi ìpamọ́ Steam lórí íntánẹ́ẹ̀tì, ń tọ́jú ẹ̀, àmọ́ nígbà tó wò ó dáadáa, ọdún kejì ni oko náà wà, ó sì mọ̀ pé òun ti wà ní ọdún kẹrin. Ohun tó fà á ni dátà. Kó má baà jẹ dátà, Offline Mode ló máa ń fi Steam sí, oṣù mélòó kan ni Steam ò fi gbé nǹkan kan lọ. Èyí tó pé wà nínú AppData\Roaming\StardewValley\Saves lórí hard disk. Mo ní ká kọ́kọ́ lọ sí Properties géèmù náà nínú Steam ká pa Steam Cloud fún un, ká tó gbé tàtijọ́ síbẹ̀, bí bẹ́ẹ̀ kọ́, a lè gbé e síbẹ̀ kí Steam fi ti ọdún kejì bò ó mọ́lẹ̀. A gbé e, a ṣí i, màlúù ẹ̀ pé, a wá tan Cloud padà. Steam ní òun rí méjì tí kò bára mu, èwo ni kí òun mú, ti orí kọ̀ǹpútà ni àbí ti Cloud, ó sì fi déètì méjèèjì hàn. Déètì yẹn lèèyàn á kà, kò gbọ́dọ̀ kánjú tẹ nǹkan. Ti orí kọ̀ǹpútà la mú.

Nínú gbogbo ẹ̀, géèmù tó kó ṣá ò ṣòfò. Ó ti gbé fódà FM sínú steamapps\common tuntun pẹ̀lú orúkọ kan náà, nígbà tó tẹ Install, Steam rí i pé nǹkan ti wà nílẹ̀, ó yẹ̀ ẹ́ wò, ó dáńlóòdù díẹ̀ tó kù dípò 7GB. Dátà ọ̀sẹ̀ kan nìyẹn fún akẹ́kọ̀ọ́. Ká ní kọ̀ǹpútà méjèèjì wà níwájú ẹ̀ tí wọ́n ń ṣiṣẹ́ ni, láti 2023 Steam ti lè kó géèmù látorí ọ̀kan sí èkejì tí wọ́n bá wà lórí Wi-Fi kan náà, kò ní jẹ dátà rárá. Géèmù nìkan ló máa ń kó báyẹn o, séèfù tí kò bá sí lórí Cloud, ọwọ́ lèèyàn á fi gbé e.

Ó ku agboolé.

Nígbà tó ṣí, ìdí kànga ló dúró sí, ilẹ̀ ti ń ṣú nínú géèmù náà. Ó gbé àdá lọ́wọ́. Ó yí ojú padà, ilé wà níbẹ̀, ògiri amọ̀, òrùlé pípọ́n, ìkòkò Màmá mẹ́rin lẹ́yìn ilé ìdáná. Ó rìn wọ ọ̀dẹ̀dẹ̀. Pátákó kékeré kan wà lára ògiri tí ẹ̀gbọ́n ẹ̀ kọ, E KAABO, E JOKO, bí Màmá ṣe máa ń kí gbogbo ẹni tó bá wọlé, ì báà jẹ́ ẹni tó wá gba gbèsè. Mo sún mọ́ kọ̀ǹpútà náà láti kà á. Ajá wà lẹ́nu ọ̀nà, ó jókòó, ọ̀já ọrùn ẹ̀ jẹ́ búlúù. Ajá ẹ̀gbọ́n ẹ̀ nìyẹn, òun ló fi egungun tù ú nígbà tí wọ́n jọ ń gbá a, òun náà ló pa ọ̀já náà láró. Láti 2023 ló ti jókòó síbẹ̀. Ọmọ yìí tẹ̀ ẹ́, kò dìde, olówó ẹ̀ nìkan ló máa ń gbọ́ràn sí lẹ́nu.

Alẹ́ ọjọ́ yẹn la fi fódà náà ránṣẹ́ sí Leeds. Iṣẹ́ òru ni ẹ̀gbọ́n ẹ̀ lọ, àárọ̀ ọjọ́ kejì ló tó gbé e sínú saves ẹ̀, ó pè wá lórí fídíò kó tó tẹ̀ ẹ́, ẹ̀gbọ́n mi náà wà lórí ìlà láti Ògbómọ̀ṣọ́. Ó jáde síbi kànga gẹ́lẹ́, àdá àbúrò ẹ̀ lọ́wọ́ ẹ̀, torí level.dat ẹni tó gbá a kẹ́yìn ni gbogbo ẹ̀ tẹ̀ lé. Ó ní "ẹrù ta nìyí?" Àbúrò ẹ̀ ní kó rọra, tòun ni. Ó rìn dé ẹnu ọ̀nà, ó dúró níwájú ajá náà, kò sọ̀rọ̀. Ó tẹ̀ ẹ́ lẹ́ẹ̀kan. Ajá náà dìde, ó sì tẹ̀ lé e wọlé.